Ìdí Tí Ẹyẹlé Fi Ń Tẹrí Ba, Tí Ibojì Àwọn Ọmọ Ogun Sì Dọ́gba

Ní ìgbà kan tó ti pẹ́ gan-an, ẹyẹlé kì í mi orí bó bá ń rìn. Ọrùn rẹ̀ a dúró ṣánṣán bí òpó ilé, a sì máa yan bí ẹni tí ọba ránṣẹ́ pè.

Nígbà yẹn náà, àwọn ọmọ ogun kò ní itẹ́ òkú tiwọn. Ilé bàbá kálukú ni wọ́n ń sin ín sí. Ibojì ọmọ ọlọ́rọ̀ a ga bí òkìtì ọ̀gán. Ti ọmọ tálákà a kéré tó bẹ́ẹ̀ tí adìẹ á fi máa fẹsẹ̀ tú u.

Ìlú méjìlá ló wà lábẹ́ ọba kan. Ní ọdún kan, ọ̀tá gba òkè odò wọlé, àwọn ọkùnrin ìlú méjèèjìlá sì jáde lọ pàdé wọn. Wọ́n lé ọ̀tá lọ. Ṣùgbọ́n akọni méjìlá kò padà wá, ẹnì kan láti ìlú kọ̀ọ̀kan.

Ọ̀kan nínú wọn ni Ládùnjoyè, ọmọ kan ṣoṣo tí Ìbídùnní bí. Aláró ni Ìbídùnní, ní Ìdí-Orógbó, ọ̀kan nínú ìlú méjèèjìlá náà. Láti ọjọ́ tí ìròyìn náà ti dé ni kò ti ki ọwọ́ bọ aró mọ́. Ẹnu ọ̀nà ló ń jókòó sí.

Àṣà wọn ni pé bí ẹnìkan bá kú sí ọ̀nà jíjìn, wọ́n á gé díẹ̀ nínú irun rẹ̀ àti èékánná rẹ̀. Wọ́n á dì í sínú aṣọ funfun, wọ́n á sì gbé e wálé fún ìyá rẹ̀ láti sin. Ẹni tí irun rẹ̀ kò bá délé, wọ́n gbà pé ó ṣì ń rìn kiri nínú igbó, kò rí ibi sùn. Ohun tí Ìbídùnní ń dúró dè nìyẹn. Ó fẹ́ kí ọmọ rẹ̀ rí ibi sùn.

Ní ojú ogun, Balógun di ìdì méjìlá, ó sì pe àwọn ẹyẹ jọ.

"Ta ni kí n rán?"

Igún kọ́kọ́ na ọrùn. "Ẹ rán mi, Balógun. Ọwọ́ mi dilẹ̀."

Gbogbo ẹyẹ wò ó. Àṣá ní, "Ìwọ kẹ̀? Ká gbé òkú fún igún, ká sì máa retí pé yóò délé?"

Ìtìjú mú igún, ó wolẹ̀.

Balógun wá kọjú sí ẹyẹlé. "Ìwọ lo ń bá onílé jẹ, tí o ń bá onílé mu. O kò gbọdọ̀ yẹrí lọ́jọ́ ikú. Ọ̀kọ̀ọ̀kan ni kí o máa gbé wọn o. Bí o bá gbé ti ìlú kan délé, kí o padà wá gbé òmíràn."

"Mo gbọ́, Balógun."

Ṣùgbọ́n bí Balógun ti yí ẹ̀yìn padà, ẹyẹlé ní, "Ìrìn méjìlá? Ṣé irin ni wọ́n fi rọ ìyẹ́ mi ni?" Ó so gbogbo ìdì náà pọ̀ mọ́ ọrùn, ó sì fò.

Kò tíì dé ìdajì ọ̀nà tí ìjì dé. Ẹyẹlé sáré bà sórí àpáta. Ibẹ̀ ni afẹ́fẹ́ ti tú okùn àwọn ìdì náà, tí irun àti èékánná ọmọ méjìlá sì dà pọ̀ sórí òkúta.

Nígbà tí òjò dá, ẹyẹlé ṣà wọ́n jọ. Ó pín wọn sọ́nà méjìlá bí ẹni ń pín àgbàdo, ó sì dì wọ́n padà. "Irun kò lẹ́nu tó fi máa sọ̀rọ̀," ló wí.

Ó pín àwọn ìdì náà kiri títí ó fi dé ọ̀dọ̀ Ìbídùnní.

"Ṣé òun nìyí?" ni ìyá náà bi í.

"Òun ni, Màmá. Tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ ni mo fi gbé e." Ọrùn rẹ̀ dúró ṣánṣán.

Ìbídùnní bẹ̀rẹ̀ sí í tú okùn rẹ̀. Àwọn àgbà pariwo. "Ìyá Ládùnjoyè! A kì í tú ìdì òkú!"

"Èmi ni mo tú aṣọ lára rẹ̀ ní ọjọ́ tí wọ́n bí i," ni ó wí. "Ẹ jẹ́ kí n tú èyí náà."

Ó tú u. Ó wò ó. Irun funfun wà níbẹ̀, irun pupa wà níbẹ̀, èékánná gígùn tó nípọn sì wà níbẹ̀.

Ẹni ogún ọdún ni Ládùnjoyè. Láti kékeré ló ti máa ń gé èékánná rẹ̀ jẹ. Ìyá rẹ̀ fi omi ewúro pa á ní ìka títí, ọmọ náà á lá ewúro, á sì tún jẹ èékánná lé e.

"Ẹyẹlé, ta ni èyí?"

"Ọmọ yín ni, Màmá."

"Ọmọ mi kò tíì hewú."

Ẹyẹlé fà sẹ́yìn.

"N kò ní lù ọ́. Sáà sọ ibi tí ọmọ mi wà fún mi."

Ojú ẹyẹlé wálẹ̀. Ó sọ ti ìjì, ó sọ ti àpáta. Lẹ́yìn náà ló wí pé, "Màmá, ó wà nínú ìdì méjèèjìlá."

Ìbídùnní tún wo ìdì náà. Ó rò ó pé ẹni tó wà lọ́wọ́ òun yìí náà, ìyá rẹ̀ ń retí rẹ̀ níbì kan. Ó dì í padà jẹ́jẹ́. Ó gbé e sẹ́yìn, ó fi ọ̀já gbà á bí ẹni pọn ọmọ, ó sì mú ọ̀nà pọ̀n.

Ó ń lọ láti ìlú dé ìlú. Ìyá tó bá gbọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀ á sunkún, á pọn ìdì tirẹ̀, á sì tẹ̀ lé e. Báyìí ni wọ́n ṣe dé ọ̀dọ̀ Ẹfúnyẹmí, ìyá Ògúnṣọlá, obìnrin ọlọ́rọ̀. Òun ti sin ìdì tirẹ̀. Òkìtì tó mọ lé e lórí ga ju ilé lọ, ó sì ti ra òkúta ńlá kan tí yóò gbé lé e.

"Kí n hú òkú ọmọ mi?" ni ó wí. "Nítorí ìwọ aláró yìí?"

Ìbídùnní kúnlẹ̀. "Ìyá Ògúnṣọlá, ẹ má bínú. Ọmọ yín ń bẹ lẹ́yìn mi níbí, mo pọ̀n ọ́n wá fún yín. Ọmọ tèmi ló wà lábẹ́ òkìtì yín. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n rí i."

Ẹfúnyẹmí wo ìdì tó wà lẹ́yìn Ìbídùnní títí. Lẹ́yìn náà ó wólẹ̀, ó sì fi ọwọ́ ara rẹ̀ hú òkìtì náà.

Kò sí ẹni tó lè ya àwọn ọmọ náà sọ́tọ̀ mọ́. Àwọn ìyá wá gbẹ́ ibojì méjìlá sí ojú kan, níbi tí ọ̀nà gbogbo ìlú ti pàdé, wọ́n sì sin ìdì méjèèjìlá síbẹ̀.

Ẹfúnyẹmí ní kí wọ́n gbé òkúta ńlá rẹ̀ wá. Nígbà tí wọ́n gbé e dé, ó dúró.

"Èwo ni n ó gbé e lé?"

Ó wo ibojì kan, ó wo èkejì.

"Bí mo bá gbé e lé ọ̀kan, ọmọ mi wà lábẹ́ mọ́kànlá tí kò ní nǹkan lórí." Ó kọjú sí àwọn tó ń gbẹ́ òkúta. "Ẹ là á sí méjìlá. Kí ọ̀kan má fi ìbú ìka ju èkejì lọ."

Wọ́n là á, wọ́n sì tò wọ́n ní ẹsẹẹsẹ.

Ìbídùnní lọ sídìí àkọ́kọ́, ó fọwọ́ kan òkúta rẹ̀. "Ládùnjoyè, o ti délé. Sùn." Ó lọ sídìí èkejì, ó sọ bákan náà, títí ó fi sọ ọ́ dé ìdí ìkejìlá.

Ẹyẹlé náà sọ̀kalẹ̀ wá bẹ̀bẹ̀. Ṣùgbọ́n ta ni yóò bẹ̀, níwọ̀n ìgbà tí kò mọ ẹni tó wà nínú ibojì kọ̀ọ̀kan? Ó tẹrí ba fún èkíní, ó gbésẹ̀, ó tẹrí ba fún èkejì, ó tún gbésẹ̀. Nígbà tó parí ẹsẹ náà, ó yí padà, ó tún bẹ̀rẹ̀.

Ọjọ́ yẹn ni orí ẹyẹlé bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀, kò sì tíì dáwọ́ dúró. Ibi yòówù tó bá ti ń rìn, á máa tẹrí ba, nítorí kò mọ ibi tí ọmọ ẹni kan lè sùn sí. Láti ìgbà náà sì ni òkúta orí àwọn ọmọ ogun ti dọ́gba, ti ọ̀gá àti ti ọmọ ẹ̀yìn. Ìyá tó bá sì dé ibẹ̀ tí kò mọ èyí tó jẹ́ tirẹ̀, kó má ṣe dààmú. Kó sáà kí gbogbo wọn, yóò ti kí ọmọ rẹ̀.