Òdòdó Inú Ìgò

Nígbà tí wọ́n sin ìyá Fadérera, Oyèníran ọkọ rẹ̀ kò yọjú. Ó ní iṣẹ́ ni kò jẹ́ kí òun ráyè. Láti ọjọ́ náà, ìkíni nìkan ni ìyàwó rẹ̀ ń bá a sọ. Oyèníran ra òdòdó pupa wálé, ó kó o sínú ìgò omi lórí tábìlì pálọ̀. Fadérera wò ó, ó kọjá lọ.

Ọkùnrin yìí rò pé bí òdòdó náà kò bá ti rọ, inú aya òun yóò rọ̀ bó pẹ́ bó yá. Àràárọ̀ ló ń pààrọ̀ omi, tó ń gé ìdí wọn díẹ̀díẹ̀, tó ń já ewé tó bá wọ inú omi. Ó gbé ìgò náà kúrò níbi tí oòrùn ti ń ta sí i. Òdòdó ń dán, Fadérera kò tújú ká. Ọ̀rọ̀ náà rú Oyèníran lójú. Kí ló tún kù tóun kò ṣe?

Ó bi ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin tó wá kí wọn léèrè. Ìyẹn náà bi í pé:

"Ṣé o ti fẹnu ara rẹ bẹ̀ ẹ́?"

"Ẹ̀gbọ́n mi, òdòdó yẹn ńkọ́?"

"Háà! O fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀, ò ń pa làpálàpá. Ṣé òdòdó ló ń bínú sí ọ ni?"

Oyèníran wọ ilé ìdáná lọ bá Fadérera, ó kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀. "Ìyá Lérè, iṣẹ́ kọ́. Mi ò lọ wo ìyá rẹ nígbà àìsàn wọn, ojú sì ń tì mí. Dárí jì mí."

Omijé bọ́ lójú Fadérera. Ó fa àpótí kan sún mọ́ tirẹ̀.

"Ẹ jókòó. Orúkọ yín ni ìyá mi ń pè títí ẹ̀mí fi bọ́. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí wọ́n ní kí n wí fún yín."