Bí Ọdẹ́jìmí Ṣe Gba Orúkọ Ìyàwó Rẹ̀ Lọ́wọ́ Kòsíkòwá

“Ọdẹ́jìmí, má jẹ́ kí wọ́n sọ pé mi ò wá sáyé rí.”

Ọ̀rọ̀ tí ìyàwó mi sọ kẹ́yìn nìyẹn. Ó yí ojú sí ògiri, ó sì lọ.

Mo kí yín o, ẹ̀yin tí ẹ jókòó yí mi ká. Ẹni tó bá ń wá ìtàn ẹ̀rín, kó dìde kó máa lọ sílé, nítorí inú ń bí mi, kò sì tíì rọ̀. Èmi ni Ọdẹ́jìmí, ọmọ Ọdẹ́yẹmí, ọmọ-ọmọ Ọdẹ́gbàmí, ọmọ ẹni tí ẹkùn rí tó yà fún lójú ọ̀nà, ọmọ ẹni tó wọ igbó tí àwọn akọni ń fi ẹnu lásán pè, tó sì fi orí ẹfọ̀n ṣe àpótí ìjókòó nílé. A kì í bí ọmọ sílé ọdẹ kó máa sá fún òjìji igi.

Ẹ̀kọ́ kan wọ ìlú wa, Agbédè, ní ọdún tí ìyàwó mi kú. Inú Igbó Àìrántí ló ti wá. Iwin kan tí ń jẹ́ Kòsíkòwá ló dá a sílẹ̀. Ohun tó ń kọ́ni ni pé ẹni tí ojú kò bá rí mọ́, kò wà rí. Òkú kò kú, nítorí kò fìgbà kan wà láàyè. Nítorí náà irọ́ ni ẹkún, ilẹ̀ lásán ni sàréè, ẹ̀ṣẹ̀ sì ni kí a dárúkọ òkú. Àwọn iwin yòókù gbọ́ ọ, wọ́n ní ọ̀rọ̀ òdì ni, wọ́n lé e kúrò láàárín wọn. Ohun tí iwin kọ̀, ènìyàn gbà. Baálẹ̀ wa, Oyèékàn, ló kọ́kọ́ gbà á, nítorí bí òkú kò bá wà rí, oko òkú kò lólóhun nìyẹn, ó sì ń kó oko náà mọ́ tirẹ̀.

Nígbà tí ìyàwó mi kú, Baálẹ̀ wá sílé mi. Kò kí mi kú ará fẹ́ra kù. Ó ní, “Ọdẹ, ta lò ń ṣọ̀fọ̀ rẹ̀? Ṣebí ìwọ nìkan lò ń gbé ilé yìí látijọ́ tó o ti kọ́ ọ.”

Orí ẹní tí obìnrin náà hun ni Baálẹ̀ ń sùn!

Ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ náà ní eyín. Orúkọ tí ìlú kò bá pè mọ́, Kòsíkòwá a fà á sínú akèrègbè tó gbé kọ́ èjìká. Àwọn ọ̀rẹ́ ìyàwó mi gbàgbé rẹ̀. Ìyá tó bí i gbàgbé. Èmi nìkan ló kù tí mò ń kì í láràárọ̀, títí di ọjọ́ tí mo la ẹnu tí oríkì kò jáde. Mo wá orúkọ, n kò rí i. Mo rántí ojú rẹ̀, mo rántí ikọ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n n kò mọ ohun tí wọ́n ń pè é. Mo gbé ìbọn, mo forí lé Igbó Àìrántí ní ọ̀sán gangan.

Ẹyẹ ibẹ̀ a bẹ̀rẹ̀ orin, a gbàgbé ìparí rẹ̀. Odò ibẹ̀ ń ṣàn gòkè, nítorí ó ti gbàgbé ibi tó ń lọ. Ní ẹnu ọ̀nà ilé Kòsíkòwá, mo rí egungun erin kan, eyín rẹ̀ méjèèjì gùn ju ọkùnrin lọ, màrìwò gbígbẹ sì wà lórí rẹ̀ ní dídì. Gbogbo yín mọ̀ ọ́n: ọdẹ tó bá pa ẹran tí kò lè dá gbé a dá ewé lé e, kí ẹni tó bá kọjá lè mọ̀ pé ó lólóhun, kò sì sí ẹni tí yóò fọwọ́ kàn án. Mo wò ó, mo kọjá.

Àwọn iwin díẹ̀ tó tẹ̀ lé e nígbà tí àwọn yòókù lé e jókòó bíi yànmùyánmú lórí omi. Ọ̀kan wà tí orí rẹ̀ wà lórí eékún, tó jẹ́ pé bó bá ń rìn, ó ń mi orí, ó dà bí ẹni pé ó ń gba gbogbo ọ̀rọ̀. Ọ̀kan gbé ojú rẹ̀ sí àtẹ́lẹwọ́, ó ń pàtẹ́wọ́, ó ń fọ́jú. Ọ̀kan ní etí tó fẹ̀ bí ẹní, ó ká ọ̀kan, ó tẹ́ ìkejì. Ọ̀kan sì jẹ́ ẹnu nìkan, kò ní ikùn, ebi kò sì jẹ́ kó pa ẹnu dé. Kòsíkòwá wà láàárín wọn. Kò ní ẹ̀yìn. Iwájú ló ní níhà méjèèjì, kó má baà rí ohun tó ti kọjá.

Ó ní, “Ọdẹ arúgbó, eyín ti tán lẹ́nu rẹ. Kí lo wá bù jẹ níbí?”

Mo ní, “Ìwọ tí o kò ní ẹ̀yìn, níbo ni wọ́n ń nà ọ́ sí léwe? Ó dájú pé wọn kò nà ọ́. Ìdí nìyí tó o fi ya òmùgọ̀.”

Ẹlẹ́tí-bí-ẹní rẹ́rìn-ín. Kòsíkòwá fi ojú gún un, ó sì kọjú sí mi.

“Kí lo wá gbà?”

“Orúkọ ìyàwó mi.”

“Ìyàwó wo? Dárúkọ rẹ̀ ká gbọ́.”

N kò lè dárúkọ rẹ̀. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí ewé fi ń já.

Mo ní, “Ó dára. Erin ẹnu ọ̀nà yẹn, ta ló ni ín?”

Ẹlẹ́tí dáhùn, “Ọdẹ tó pa á ni.”

“Níbo ló wà?”

“Ó ti kú kí a tó dé ibí.”

“Ẹ rí i rí?”

“A kò rí i rí.”

“Nígbà náà, kò wà rí! Kòsíkòwá, dìde, ìwọ tó mọ̀wé, tú màrìwò yẹn, kó o gbé eyín erin náà wọlé.”

Kò dìde. Mo wo gbogbo wọn, kò sẹ́ni tó mira.

Mo ní, “Ẹ ń sọ pé òkú kò wà rí, ẹ sì ń bẹ̀rù ewé ọwọ́ rẹ̀. Òpùrọ́!”

Ẹlẹ́tí ká etí méjèèjì, ó ní, “Bàbá, ọdẹ náà wà.” Olórí-eékún náà ní, “Ó wà.” Kòsíkòwá bú ramúramù, ó fò mọ́ mi. Mo yìnbọn. Akèrègbè fọ́, orúkọ tú jáde bí oyin tí wọ́n fi iná lé, iwin kọ̀ọ̀kan sì rántí ìyá tó bí i. Wọ́n kẹ̀yìn sí ọ̀gá wọn, èmi náà kẹ̀yìn sí i. Nígbà tí kò sẹ́ni tó ń wò ó mọ́, ó pòórá.

Tèmi bà lé mi létí: Ìbíwùmí. Ìbíwùmí Àwẹ̀ró, ọmọ òjò-ń-pa-á-kò-sáré, ọmọ a-hun-koríko-dibùsùn-ọba. Mo ń pè é títí mo fi wọ Agbédè, mo pè é ní iwájú ilé Baálẹ̀ títí ìyá rẹ̀ fi sáré jáde tó ń kígbe ọmọ mi. Ìlú gbé mi sókè. Wọ́n gba oko àwọn òkú padà. Baálẹ̀ Oyèékàn ká ẹní rẹ̀, ó fi ìlú sílẹ̀.

Ẹ gbọ́ o. Ẹni tó bá ní òkú yín kò wà, oko yín ló ń wò. Ẹ má dá a lóhùn pẹ̀lẹ́. Èmi kò sì ní sọ pé Kòsíkòwá kò wà rí. Ó wà, ó sì ṣe ibi.

Mo ti ṣe ohun tí Ìbíwùmí ní kí n ṣe. Èyí tó kù nìyí. N kò tíì ká aṣọ rẹ̀ kúrò lórí okùn. N kò tíì wa iṣu tó gbìn. N kò tíì dárí ji Baálẹ̀. N kò tíì sùn sí àárín ẹní. Ẹní tó hun dé ìdajì, n kò tíì gbé e fún ẹni tí yóò parí rẹ̀. N kò tíì fọ ìkòkò tó fi se ọbẹ̀ kẹ́yìn.