Ẹ̀gún Inú Pátákò

Ọdẹ ni Láníhun kí igi tó wó lù ú lẹ́sẹ̀ nínú oko. Láti ìgbà náà, abo ẹṣin pupa tí bàbá rẹ̀ fi sílẹ̀ fún un ló ń gbé e kiri. Láìsí ẹṣin yìí, inú ilé ni Láníhun ì bá jókòó sí títí ayé.

Ẹṣin náà bímọ. Ọmọ kò tíì já lẹ́nu ọmú tí ìyá fi bẹ̀rẹ̀ sí í tiro. Ẹsẹ̀ iwájú kan wú, kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn án. Akínṣọ̀wọ́n, àbúrò Láníhun, kó àwọn géńdé jọ. Wọ́n ti ọmọ mọ́lé kí ó má baà dí wọn lọ́wọ́, wọ́n sì ju okùn sí ìyá lọ́rùn. Bí wọ́n ti ń fà á ló ń janpata. Ó já okùn, ó ta ọkùnrin kan nípàá, ẹsẹ̀ tó wú sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣẹ̀jẹ̀.

Akínṣọ̀wọ́n ní, “Ẹ̀gbọ́n, ẹ gba kámú. Ẹ jẹ́ ká pa á kó tó pa èèyàn.”

Láníhun kọ̀ jálẹ̀. Ó ránṣẹ́ sí Ìyá Ọ̀jẹ́tọ́lá, àgbàlagbà tí ń tọ́jú ẹran ọ̀sìn ní abúlé kejì.

Nígbà tí Ìyá Ọ̀jẹ́tọ́lá dé, kò fọwọ́ kan ẹṣin. Ó dúró, ó ń wò ó. Etí ẹṣin lẹ̀ mọ́ orí, ṣùgbọ́n ẹnu ọ̀nà ilé ni ó tẹjú mọ́.

“Kí ló wà níbẹ̀ yẹn?”

Láníhun ní, “Ọmọ rẹ̀ ni, Ìyá.”

“Ẹ tú u sílẹ̀, kí ẹ̀yin ọkùnrin sì sún sẹ́yìn. Ẹ̀rù ló ń bà á.”

Ọmọ sáré jáde, ó kira bọ ọmú. Díẹ̀díẹ̀, ẹṣin sọ orí kalẹ̀, etí rẹ̀ sì dẹ̀. Ìyá Ọ̀jẹ́tọ́lá wá gba ẹ̀gbẹ́ sún mọ́ ọn, ó ń kùn wúyẹ́wúyẹ́ sí i, ó ń fọwọ́ pa á láti èjìká dé orúnkún. Ẹṣin fúnra rẹ̀ gbé ẹsẹ̀ lé e lọ́wọ́. Ìyá fa ẹ̀gún ńlá kan yọ nínú pátákò, ọyún tú jáde. Ó fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ fọ̀ ọ́, ó fi òrí pa á.

Láníhun fẹ́ dọ̀bálẹ̀, ẹsẹ̀ kò gbà. Ó di ọwọ́ ìyá mú, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. “Ìyá, ẹ ṣeun. Ẹ ò ní í ṣàìrí olùtọ́jú.”

“Àṣẹ, ọmọ mi.”

Akínṣọ̀wọ́n ló ká okùn nílẹ̀, òun náà sì wá dọ̀bálẹ̀ gbalaja.

Ìdí nìyí tí àwọn àgbà fi ń pa á lówe pé ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Ohun tí a bá fagbára mú ní í le koko.