Àtẹ́lẹwọ́ Ara Ọkọ̀ Ọ̀sàgún

Láyé ìgbà kan, ẹni tó bá wọ ọkọ̀ omi ní Ọ̀sàgún kò mọ̀ bóyá ilé lòun ń lọ tàbí oko ẹrú. Gbogbo ọkọ̀ jọra, wọ́n dúdú bí ìdí ìkòkò, àwọn gbọ́mọgbọ́mọ a sì da tiwọn mọ́ ti ọmọlúàbí ní èbúté, wọn a máa pe èrò. Ìgbà náà ni Efúnṣeyè dìde, Efúnṣeyè ọmọ ọlọ́nà, obìnrin gíga tí í fi ẹfun àti osùn bá ògiri sọ̀rọ̀. Ó kun ẹja funfun sí imú ọkọ̀ tó ń lọ Ìsàlẹ̀-Odò, ó kun oṣù pupa sí ti Òkè-Ẹrẹ̀. Kò gbà kí ẹlòmíràn kùn ún. Ọmọdé tí kò tíì mọ ọ̀tún yàtọ̀ sí òsì dá ọkọ̀ ilé rẹ̀ mọ̀, ọkàn ìlú sì balẹ̀. Ṣówándé, àbúrò rẹ̀ ọmọ ìyá, ni olórí àwọn awakọ̀. Òun náà ló máa ń gbé igbá ẹfun dání fún un.

Lọ́jọ́ ọjà kan, Dúrósinmí, ọmọ kan ṣoṣo tí Efúnṣeyè bí, wọ ọkọ̀ ẹlẹ́ja funfun, kò sì délé. Ní ọjọ́ kẹta, obìnrin amọ̀kòkò kan tó bẹ́ sómi láti inú ọkọ̀ náà wá bá a. "Ọkọ̀ Ṣówándé ni, ṣùgbọ́n àjèjì ló ń wà á. Mo ní ara ń fu mí, ọmọ yín ní kò séwu, ọkọ̀ àbúrò ìyá òun ni."

Efúnṣeyè pe ìlú jọ sí èbúté.

"Ṣówándé, ṣé ìwọ lo gbé ọkọ̀ fún àwọn gbọ́mọgbọ́mọ?"

Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja. "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ foríjì mí. Wọ́n ní àwọn á fi ọ̀nà omi yìí sílẹ̀ fún èmi nìkan. N ò mọ̀ pé Dúrósinmí máa wọ̀ ọ́."

"Tó bá wá jẹ́ ọmọ ẹlòmíràn ńkọ́?"

Ó kọjú sí àwọn ará ìlú.

"Ẹ̀yin ará Ọ̀sàgún," ni Efúnṣeyè wí, "kòkòrò tó ń jẹ ẹ̀fọ́, ìdí ẹ̀fọ́ ló wà. Mo kun ọkọ̀, mo gbàgbé awakọ̀."

Ó ní kí awakọ̀ kọ̀ọ̀kan ti ọwọ́ bọ ẹfun, kó tẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹ̀gbẹ́ àmì ọkọ̀ rẹ̀. Kí èrò tó wọ ọkọ̀, kí awakọ̀ gbé ọwọ́ lé àmì ọwọ́ náà, kí wọ́n rí i pé ó bá a mu. Nígbà tí Ṣówándé na tirẹ̀, Efúnṣeyè fa igbá sẹ́yìn.

"Ìlú ti mọ ọwọ́ tìrẹ."

Kí ọdún tó yí po, àwọn gbọ́mọgbọ́mọ kò rí èrò kó mọ́, wọ́n sì fi ọ̀sà sílẹ̀. Dúrósinmí kò padà wá. Inú Efúnṣeyè korò sí àbúrò rẹ̀ títí ó fi kú.

Lónìí tí mọ́tò ti gba iṣẹ́ ọkọ̀ omi, ẹja funfun ṣì wà lára bọ́ọ̀sì Ìsàlẹ̀-Odò, àtẹ́lẹwọ́ dírẹ́bà sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn. Dírẹ́bà kò gbọdọ̀ gbéra láìgbé ọwọ́ lé e. Àwọn ìyá àgbà a dúró wò ó dáadáa kí wọ́n tó wọlé, pàápàá bó bá jẹ́ ọmọ ìyá wọn ló ń wa ọkọ̀.