Orin Tó Kù Sẹ́sẹ̀

"Ẹnu lè dákẹ́, ẹsẹ̀ kì í gbàgbé orin." Ẹ máa ń gbọ́ ọ lẹ́nu àwa ará Òkè-Ayépé, àbí? Ṣé ẹ mọ gbòǹgbò rẹ̀? Ẹ jẹ́ n sọ ọ́, èmi tí mo wà níbẹ̀, tí mo tún gbe orin.

Ọmọbìnrin kan wà tí wọ́n ń pè ní Mojírádé. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa wá àwòrán àtijọ́ kiri fún àwọn tó ń ṣe fíìmù. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún ló fi wá ti àwọn amọ̀kòkò ìlú wa, títí ẹsẹ̀ rẹ̀ fi wú. Ilé tẹlifíṣọ̀n ní àwọn ti ya nǹkan mìíràn lé téèpù ọwọ́ àwọn lórí. Níbòmíràn, omi òjò ti bà á jẹ́. Ìgbà tó yá, ó rí agolo pẹrẹsẹ kan lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì tíṣà kan tó ti fẹ̀yìn tì. Fíìmù inú rẹ̀ ń rùn kíkan bí omi ògì, kò sì lóhùn: ẹnu àwọn obìnrin ń mì, etí ò gbọ́ nǹkan kan. Nítorí pé wọ́n ń jó, ọ̀gá rẹ̀ rò pé ìgbéyàwó ni, ó ní kí wọ́n fi orin ìyàwó sí i.

Nígbà tó ku ọ̀la kí wọ́n gbé e jáde, Mojírádé gbé e wá kí àwa àgbà wò ó. Orin ń dún, à ń pàtẹ́wọ́. Àfi bí Ìyá Fadérera, ọ̀kan nínú àwa àgbà, ṣe figbe ta.

"Pa á! Ìsìnkú ìyá mi lẹ ń kọrin ìyàwó sí yìí!"

Mojírádé jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ó ti rẹ̀ mí. Ijó ṣáà ni. Báwo lẹ ṣe mọ̀?"

"Ìyàwó wo ló ń wọ́ ẹsẹ̀ òsì nílẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, tí yóò wá dúró? Ṣé ọkọ náà burẹ́wà tó bẹ́ẹ̀ ni?"

Mojírádé pa ohùn náà. Ìyá Fadérera wá dá orin:

*Ẹ rọra gbẹ́sẹ̀, amọ̀kòkò ń relé,*
*Ẹ rọra, ẹ rọra, ọ̀nà jìn.*

A gbè é. Ibi tí orin dúró, ibẹ̀ lẹsẹ̀ àwọn tinú àwòrán dúró. Mojírádé nu ojú, ó pe ọ̀gá rẹ̀ lórí fóònù: "Bọ̀ọ̀dá, ẹ bínú bó bá wù yín, kò ní í jáde lọ́la." Ohùn wa ló gbà sílẹ̀ títí ó fi há, kó lè fi rọ́pò orin ìyàwó.

Nítorí náà, bí ẹnì kan bá fẹ́ fi ọ̀rọ̀ tí òkú kò sọ sí i lẹ́nu, nígbà tí ìṣe olóògbé ṣì wà lójú ayé, àwọn àgbà á ní kó rọra: ẹnu lè dákẹ́, ẹsẹ̀ kì í gbàgbé orin.