Òkúta Kò Ní Èjìká

Ọkùnrin kan wà, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, tí gbogbo ìlú ń pè ní Tíṣà. Ní ìpínlẹ̀ rẹ̀ láyé ijọ́un, ẹnì kan ṣoṣo ni gbogbo ará ìpínlẹ̀ ń dìbò yàn lọ sí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àgbà. Odò ńlá kan ló la ìpínlẹ̀ náà sí méjì, kò sì ní afárá. Ilé ìwòsàn wà ní òdìkejì. Ìhín ni aboyún ti ń rọbí. Nítorí afárá yìí ni Tíṣà ṣe ń wá ipò náà.

Nígbà náà, a kì í tẹ̀ka sórí ìwé. Ẹ̀yìn àwòrán ẹni tí èèyàn bá fẹ́ ni yóò tò sí lórí pápá, lójú gbogbo ayé. Òṣìṣẹ́ ìdìbò yóò wá dé, yóò máa fọwọ́ kan èèyàn kọ̀ọ̀kan léjìká, yóò sì máa kà.

Tíṣà ti díje rí, ó sì fìdí rẹmi. Oúnjẹ ara rẹ̀ ló ṣe é. Àṣà ibẹ̀ ni pé ẹni tó bá pe èèyàn jáde gbọ́dọ̀ bọ́ wọn. Ó pa màlúù, ó se ìrẹsì. Nígbà tí òṣìṣẹ́ ìdìbò fi máa dé, ìdí abọ́ ni àwọn èèyàn rẹ̀ wà, ẹ̀yìn àwòrán rẹ̀ sì dá páropáro. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń yọ ṣùtì sí i: "Tíṣà, Aṣòfin Ìdí Ìkòkò!"

Lẹ́ẹ̀kejì, ó rìn káàkiri ìpínlẹ̀, ọ̀rọ̀ kan náà ló ń sọ: "Mi ò ní se oúnjẹ. Ẹ jẹun nílé kí ẹ tó wá. Bí ẹ bá ti tò, ẹ má kúrò."

Ìyàwó rẹ̀ kò fara mọ́ ọn. "Bàbá Ìbídùn, wọ́n á ní ahun ni yín o."

"Ọ̀làwọ́ ni mo jẹ́ lọ́jọ́sí. Ṣé ó kọ́ afárá?"

Ọjọ́ ìdìbò dé. Alátakò rẹ̀, oníṣòwò pákó kan, pa màlúù ní gbogbo wọ́ọ̀dù. Tíṣà dúró nínú ìlà tirẹ̀ bíi gbogbo èèyàn. Ó bojú wo ìlà kejì, ti oníṣòwò náà: ó ti gùn dé ẹ̀yìn ilé ẹ̀kọ́.

Oòrùn mú. Òṣìṣẹ́ ìdìbò kò tètè dé. Òórùn ọbẹ̀ ń fẹ́ wá láti agboolé oníṣòwò pákó. Ọkùnrin kan nínú ìlà kejì gbé òkúta sí ojú ẹsẹ̀ rẹ̀, ó lọ jẹun. Òmíràn bọ́ bàtà sílẹ̀, obìnrin kan gbé agbọ̀n kalẹ̀. Bí wọ́n ti ń ṣe nídìí ẹ̀rọ omi nìyẹn: òkúta ń dúró fún ẹni tó gbé e kalẹ̀, ẹnikẹ́ni kì í sì í rẹ́ ẹ jẹ.

Ọ̀kan nínú wọn ń nu ẹnu kọjá. "Tíṣà, ṣé kí n bu díẹ̀ wá? Ó jọ pé ebi ń pa àwòrán yín!"

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Àwọn kan nínú ìlà Tíṣà bẹ̀rẹ̀ sí í mira. Tíṣà bẹ̀rẹ̀ sí í wá ẹni tí yóò rán sí ìyàwó rẹ̀ pé kó gbé ìkòkò kaná. Ìyá arúgbó tó wà níwájú rẹ̀ yíjú padà.

"Tíṣà, ẹ má dán an wò. Inú ọkọ̀ ojú omi ni ọmọbìnrin mi kú sí, lójú ọ̀nà ilé ìwòsàn. Ṣé ìrẹsì ló máa gbé mi kúrò níbí?"

"Ẹsẹ̀ kò ro yín, Ìyá?"

"Ó ń ro mí. Ẹ jẹ́ kí n fara tì yín."

Ó fara tì í. Ẹnikẹ́ni kò mira mọ́.

Òṣìṣẹ́ ìdìbò dé. Ó ka ìlà Tíṣà láti orí dé ìdí. Ó yí sí ìlà kejì, ó fọwọ́ kan èèyàn mélòó kan, ó bá òkúta pàdé, ó sì dúró.

Aṣojú oníṣòwò pákó sáré wá. "Ọ̀gá, ẹni tó ni ín ń bọ̀. Ẹ ṣáà kà á."

"Èjìká rẹ̀ dà?"

Àwọn tó ni òkúta ń sáré bọ̀, ẹran kún ẹnu wọn débi pé wọn ò lè pariwo. Kíkà ti kọjá wọn. Bẹ́ẹ̀ ló rí ní wọ́ọ̀dù dé wọ́ọ̀dù, nítorí ibi gbogbo ni wọ́n ti ń fi òkúta di àyè mú nídìí ẹ̀rọ omi.

Ní ìrọ̀lẹ́, rédíò kéde pé Tíṣà ló wọlé. Wọ́n gbé e sórí ọrùn lọ sétí odò, àwọn atukọ̀ ń fi àjẹ̀ lu ẹ̀gbẹ́ ọkọ̀ wọn, ìyá arúgbó náà ń fi ẹsẹ̀ tó ń ro ó jó. Ìgbà náà ni ìyàwó Tíṣà tó dáná. Àwọn tó jẹ ẹran oníṣòwò pákó náà wá jẹ. Tíṣà kò lé ẹnikẹ́ni. Wọ́n kọ́ afárá náà, ó sì ń bẹ lórí odò yẹn dòní.

Ìwọ tí mo ń bá sọ̀rọ̀, ìwọ náà ní òkúta nílẹ̀. Ẹ̀bùn tí ò ń fi rán èèyàn sí ìyá rẹ, òkúta ni. Orúkọ rẹ tó wà nínú ẹgbẹ́ tí a kì í ti í rí ọ, òkúta ni. Ìlérí tí o fi di àyè rẹ mú lọ́dọ̀ àwọn ọmọ rẹ, òkúta ni. Ẹni tí yóò kà wá ń bọ̀, èjìká ni yóò sì fọwọ́ kàn. Dìde, padà sí àyè rẹ, kí o dúró níbẹ̀. Ẹni tó bá dúró ni yóò jó létí odò.