Ọgọ́rin Ìṣísẹ̀ Láti Etí Omi

Ní abúlé Ìdí-Òro, Ògúnrìndé, tí wọ́n ń pè ní Bàbá Mojísọlá, àti opó kan tí ń jẹ́ Àwẹ̀ró jọ pààlà. Àwọn bàbá wọn ni ó jọ gbin pèrègún kan sí ojú ààlà náà. Ilé Ògúnrìndé wà lápá kan, ilé ìdáná ìyàwó rẹ̀ kò sì ju ìṣísẹ̀ mélòó kan sí pèrègún. Lápá kejì ni ilẹ̀ Àwẹ̀ró tẹ́ lọ títí dé odò Elékùrọ́.

Ṣùgbọ́n igi obì méje wà lórí ilẹ̀ Àwẹ̀ró, nítòsí pèrègún, wọ́n sì ń so bí ẹni pé a rán wọn níṣẹ́. Ògúnrìndé kì í jẹun kí ó má wò wọ́n. Ọdún tí ọkọ Àwẹ̀ró kú ni ó gba ilé akọ̀wé tí ń bá ará abúlé kọ ìwé ẹjọ́ lọ, ó sì pe opó náà lẹ́jọ́ sí kóòtù ìbílẹ̀.

Nínú ìwé ẹjọ́ àkọ́kọ́, ó ní ilẹ̀ òun dé ogójì ìṣísẹ̀ kọjá pèrègún.

Àwẹ̀ró dìde. "Olúwa mi, inú yàrá mi nìyẹn. Ẹ bá mi bi Bàbá Mojísọlá bóyá kí n tẹ́ ẹní dè wọ́n."

Kóòtù rẹ́rìn-ín. Ògúnrìndé bẹ̀bẹ̀ pé òun fẹ́ tún ìwé òun ṣe. Adájọ́ gbà, ó sún ẹjọ́ síwájú.

Nínú ìwé kejì, ó pa pèrègún rẹ́, ó fi igi òro ńlá kan rọ́pò gẹ́gẹ́ bí ààlà. Àwẹ̀ró ní, "Igi tí ìjì ti wó kí wọ́n tó bí wa, ta ni ó fi hàn Bàbá Mojísọlá?" Ògúnrìndé tún bẹ̀bẹ̀, wọ́n tún sún ẹjọ́.

"Bàbá Mojísọlá," ni akọ̀wé wí, "ìwé yìí ti ní àbùlẹ̀ ju ṣòkòtò oko lọ. Ẹ ò wá jẹ́ ká fi í sílẹ̀?"

"Kọ ohun tí mo bá ní kí o kọ."

Ọyẹ́ ti mú nígbà náà, adìẹ sì ń fẹsẹ̀ rìn sọdá Elékùrọ́. Ògúnrìndé fúnra rẹ̀ lọ síbẹ̀, ó ka ìṣísẹ̀ rẹ̀ láti etí omi títí ó fi kù díẹ̀ kí ó dé ìdí obì àkọ́kọ́: ọgọ́rin géérégé. Inú rẹ̀ dùn. Ó ní kí akọ̀wé kọ ọ́ pé: "Ọgọ́rin ìṣísẹ̀ láti etí omi ni ilẹ̀ Àwẹ̀ró. Ibi tí ó bá parí sí ni tèmi ti bẹ̀rẹ̀."

"Ṣé kò sí àtúnṣe mọ́?" ni adájọ́ bi í.

"Kò sí mọ́, Olúwa mi." Ó sì tẹ̀ka sí i.

Adájọ́ ní kóòtù yóò wá wọn ilẹ̀ náà. Ṣùgbọ́n ẹjọ́ tí a tún ṣe títí ti bọ́ sẹ́yìn ẹjọ́ àwọn ẹlòmíràn. Oṣù Agẹmọ ni wọ́n tó dé, nígbà tí òjò ti rọ̀ tí ó ti sú ilẹ̀, tí Elékùrọ́ sì ti kún kọjá bèbè rẹ̀.

Akọ̀wé kóòtù dúró létí omi, ó ń kà. Ní márùndínlógójì, wọ́n dé ẹnu ọ̀nà Àwẹ̀ró. Ní àádọ́rin, wọ́n ti kọjá obì méjèèje. Ní márùndínlọ́gọ́rin, wọ́n fara kan pèrègún. Ní ọgọ́rin, akọ̀wé kóòtù dúró nínú ilé ìdáná, níwájú ìyàwó Ògúnrìndé tí ń ro ọkà.

"Ẹ káàbọ̀ o," ni obìnrin náà wí. "Ṣé oúnjẹ lẹ wá jẹ ni?"

"Rárá, mà. Ìwé ọkọ yín ní orí ilẹ̀ Àwẹ̀ró lẹ ti ń ro ọkà."

Obìnrin náà gbé omorogùn sókè, ó wo ọkọ rẹ̀. "Bàbá Mojísọlá, ṣé èmi àti ìkòkò mi wà lára ohun tí ẹ kọ?"

Ògúnrìndé nawọ́ sókè. "Olúwa mi, mo fẹ́ tún ìwé mi—"

"Ìka ta ni èyí?" ni adájọ́ bi í, ó na ìwé náà sí i. Adájọ́ yíjú sí Àwẹ̀ró. "Kí ni ìwọ wí?"

"Ohun tí mo ti ń wí ni, Olúwa mi. Pèrègún tí àwọn bàbá wa gbìn tó mi. N kò ní ọkà tí mo fẹ́ rò ní ilé ìdáná méjì."

Ojú ìyàwó rẹ̀ ni Ògúnrìndé ti kúnlẹ̀, tí ó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́ kí akọ̀wé kóòtù kọ ọ́: pèrègún ni ààlà, ti Àwẹ̀ró sì ni obì méjèèje. Àtúnṣe ìkẹyìn nìyẹn.

Láti ọjọ́ náà, bí àwọn àgbà Ìdí-Òro bá rí ẹni tí ojú rẹ̀ kò kúrò lára ohun olóhun, wọn a pa á lówe fún un pé: ẹni tó bá wá ìwákúwàá, yóò rí ìríkúrìí.